Ilé Ọtí Tí Kò Lórin

Bí ẹ bá fẹ́ mọ irú ènìyàn tí àwọn òǹkọ̀wé jẹ́, ẹ má bi olùkọ́ wọn, ẹ má bi ìyàwó wọn. Ẹni tó ń ta ọtí fún wọn ni kí ẹ bi. Àṣìkẹ́ á sọ fún yín pé òǹkọ̀wé lè fi ìgò bíà kan ṣoṣo jókòó láti ìrọ̀lẹ́ títí ilẹ̀ á fi ṣú, kó sì tún bèèrè bóyá ẹran ṣì kù nísàlẹ̀ ìkòkò. Wọ́n á máa jiyàn lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo bí ẹni tó ń du ilẹ̀ bàbá rẹ̀. Wọ́n á bínú dìde, wọ́n á ní ẹsẹ̀ àwọn kò ní tẹ ibẹ̀ mọ́. Bó bá di ọjọ́ Ẹtì tó tẹ̀lé e, ẹni tó bínú jù lọ ló máa kọ́kọ́ dé.

Ilé ọtí rẹ̀ wà ní Ìlaró, lójú ọ̀nà tó lọ sí Ìdógò. Kò sí orúkọ kankan lára ògiri rẹ̀. Àga rọ́bà díẹ̀ ló wà níbẹ̀, tábìlì pákó kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kan kúrú, igi máńgòrò tó ṣíji bo àgbàlá, àti fíríìjì tó ń kùn bí arúgbó tí wọ́n jí lójú oorun. Ẹmu tútù láti oko Ìdógò kì í wọ́n níbẹ̀, bíà kì í wọ́n, ọbẹ̀ ata ẹran ìgbẹ́ náà kì í wọ́n. Ohun tí kò sí níbẹ̀ ni orin. Ní ilé ọtí Akínladé tó wà ní òdìkejì títì, sípíkà méjì gíga ló dúró lẹ́nu ọ̀nà, ariwo wọn ń mi ife lórí tábìlì. Ibẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ àti àwọn awakọ̀ tírélà ń lọ. Ọ̀dọ̀ Àṣìkẹ́ ni àwọn tó fẹ́ gbọ́ ohùn ara wọn ń wá, kò sì sí ẹni tó fẹ́ràn ohùn ara rẹ̀ tó òǹkọ̀wé.

Kò rí bẹ́ẹ̀ nígbà tí Dàmọ́lá wà láyé. Ayọ̀dàmọ́lá ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún, ọmọ kan ṣoṣo tí Àṣìkẹ́ bí fún Ọdẹkúnlé kí Ọdẹkúnlé tó sùn lálẹ́ ọjọ́ kan tí kò jí mọ́. Ọmọdé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń wọ bàtà ni Dàmọ́lá nígbà náà. Ọtí ni ìyá rẹ̀ tà tó fi tọ́ ọ dàgbà. Nígbà tó di géńdé, òun ló gbé sípíkà wọ ilé ọtí, òun ló ń yan orin. Bí orin kan bá wọ̀ ọ́ lára, á gbé àwo ife lé orí, á máa jó láàárín àwọn oníbàárà, ìyá rẹ̀ á máa pariwo pé ife á fọ́. Ife kì í fọ́. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, ó gbé ọ̀kadà rẹ̀ jáde, ó gbé òṣìṣẹ́ kan tó ń lọ sí Ìbèṣè, tírélà kan tí bíréèkì rẹ̀ já sì pàdé wọn ní gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́. Kí Ọlọ́run má fi irú rẹ̀ kàn wá.

Kí wọ́n tó sọ fún ìyá rẹ̀, wọ́n ti sin ín. Ẹ mọ bí a ti ń ṣe é nílẹ̀ wa. Òkú ọ̀dọ́ kì í sùn nílé. Òbí kì í tẹ̀lé òkú ọmọ rẹ̀, òbí kì í sì í mọ ibi tí wọ́n sin ín sí, torí ẹni tó bá mọ ibẹ̀ kò ní yé lọ síbẹ̀, ọkàn rẹ̀ kò sì ní padà wálé. Àánú ló bí àṣà náà, ẹ má jẹ́ ká purọ́ mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n àánú kan wà tó jẹ́ pé ẹni tí wọ́n ṣe é fún ni yóò sọ bó ti dùn ún tó. Ọ̀ṣunníyì, ẹ̀gbọ́n Ọdẹkúnlé, ló kó àwọn ọ̀dọ́kùnrin mélòó kan sẹ́yìn pikọ́ọ̀pù, tí wọ́n gbé òkú náà lọ. Nígbà tó padà dé, erùpẹ̀ wà lára bàtà rẹ̀. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, kò wọlé.

"Ìyàwó," ó ní, "ó ti parí. Má bi mí ní nǹkan kan."

Láti ọjọ́ yẹn ni ará àdúgbò kò ti pe Àṣìkẹ́ ní Ìyá Dàmọ́lá mọ́. Màmá lásán ni wọ́n ń pè é, tàbí Màmá Ọlọ́tí. Ó mọ̀ pé wọ́n ń ṣàánú òun ni. Ó tú wáyà sípíkà náà, ó tà á fún Akínladé, kò sì tan ohunkóhun tó ń kọrin mọ́. Àwọn oníbàárà fara dà á fúngbà díẹ̀, wọ́n wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọdá títì lọ́kọ̀ọ̀kan. Kò dá wọn lẹ́bi. Ta ló fẹ́ máa mutí níbi tó ti lè gbọ́ bí ẹnì kejì rẹ̀ ṣe ń gbé e mì?

Ohun kan ṣoṣo ló kù tí obìnrin yìí ń wá láyé, pé kí òun mọ ibi tí ọmọ òun wà. Ó bẹ Ọ̀ṣunníyì títí. Ó gbé ẹmu lọ bá a, ó gbé obì lọ bá a, ó fi ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn rẹ̀ bẹ ìyàwó rẹ̀ pé kó bá òun bẹ̀ ẹ́.

"Ọkọ mi," ó sọ fún un lọ́jọ́ kan, "wọ́n ní ọmọ ẹni kú, ó yá ju ọmọ ẹni nù lọ. Tèmi kú, ó sì tún nù. Èwo ni kí n wá fi tu ara mi nínú níbẹ̀?"

Ọ̀ṣunníyì wo ilẹ̀. "A kì í fi sàréè ọmọ han ìyá," ó ní. "Bí mo bá fi hàn ọ́, èmi ni mo pa ọ́ yẹn."

Nígbà tí àìsàn dá Ọ̀ṣunníyì fúnra rẹ̀ dùbúlẹ̀, Àṣìkẹ́ tún lọ bẹ̀ ẹ́ lórí ibùsùn. Bàbá náà kọjú sí ògiri. Bó ṣe gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sọ́run nìyẹn. Nínú àwọn ọ̀dọ́kùnrin tó bá a gbé òkú náà lọ, ọ̀kan gba ọ̀nà Líbíà, a kò gbúròó rẹ̀ mọ́. Òmíràn sọdá bọ́dà lọ sápá Kọ̀tọ̀nù, àwọn òbí rẹ̀ pàápàá ń wá a. Ẹnì kan ṣoṣo ló kù nílé, ìyẹn Olúdayọ̀, ọ̀rẹ́ Dàmọ́lá láti ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Àwọn tó rí pikọ́ọ̀pù náà nígbà tó ń lọ sọ pé ojú àwọn kò tàsé rẹ̀ lẹ́yìn ọkọ̀.

Àṣìkẹ́ kò bi í rí. Ẹ lè ní kí ló dé. Lákọ̀ọ́kọ́, Ọ̀ṣunníyì ṣì wà láyé, kò sì yẹ kí àgbà ti ọmọdé sínú èèwọ̀. Lẹ́yìn tí Ọ̀ṣunníyì kú, ẹ̀rù ló ń bà á. Bí Olúdayọ̀ bá wo ilẹ̀ bí bàbá yẹn ti wo ilẹ̀, bí ojú bá tì í tí kò wá mọ́ ńkọ́? Olúdayọ̀ ló kù fún un lára Dàmọ́lá. Bí ọmọ náà ṣe ń rẹ́rìn-ín tí á fọwọ́ bo ẹnu, ọ̀dọ̀ Dàmọ́lá ló ti kọ́ ọ.

Olúdayọ̀ yìí náà ló mú àwọn òǹkọ̀wé wá. Ó ti di tíṣà Yorùbá, ó sì ń kọ ìtàn. Ó ní àwọn ń wá ibi tí ariwo kò sí. "Màmá, gbogbo ìlú yìí ni mo ti wá," ó ní, "ọ̀dọ̀ yín nìkan ni èèyàn ti lè ka ìwé kó gbọ́ ohun tó ń kà." Kò mọ irú ọ̀rọ̀ tí òun ń sọ. Àṣìkẹ́ bojú wo ibi tí sípíkà ti máa ń wà, ó ní kí wọ́n máa bọ̀.

Bí wọ́n ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Gideon wà níbẹ̀, kátíkíìsì tó ń kọ eré orí ìtàgé, tó máa ń fi ọmọrí ìkòkò bo ìgò rẹ̀ torí ọmọ ìjọ tó bá ń kọjá. Fadékẹ́mi wà níbẹ̀, tó ń ka ìròyìn lórí rédíò, tó ń kọ ewì kúkúrú tó máa ń mú kí gbogbo wọn dákẹ́. Bàbá Cornelius náà wà níbẹ̀, ọ̀gá ilé ìwé tó ti fẹ̀yìn tì, tó ń kọ ìtàn ìdílé rẹ̀. Láti ìgbà tí Àṣìkẹ́ ti mọ̀ ọ́n, orí kìn-ín-ní ló wà. Baba ńlá rẹ̀ kò tíì kúrò lójú ọ̀nà Kétu. Àṣìkẹ́ kì í jókòó tì wọ́n, á máa lọ, á máa bọ̀, ṣùgbọ́n kò sí ohun tí wọ́n kà tí kò gbọ́. Nígbà mìíràn bí Fadékẹ́mi bá kàwé tán, Àṣìkẹ́ á lọ dúró sídìí iná, á máa ro ọbẹ̀ tí kò nílò kí ẹnikẹ́ni rò ó.

Lọ́jọ́ Ẹtì kan, ó kan Olúdayọ̀. Ó ní ìtàn tuntun ni. Ó ń kà á jẹ́jẹ́, ó jẹ́ ìtàn àwọn ọ̀dọ́kùnrin kan tí wọ́n gbé òkú ọ̀rẹ́ wọn lọ sin. Àṣìkẹ́ ń gbé àwo ọbẹ̀ ata bọ̀ láti ilé ìdáná nígbà tó gbọ́ ọ.

"Wọ́n gbé e gba ẹ̀yìn ojú irin àtijọ́ tó lọ sí Ìdógò," Olúdayọ̀ ń kà, "níbi tí wọ́n ti hú irin kúrò, tó jẹ́ pé ebè gígùn ló kù. Igi àgbálùmọ̀ kan wà níbẹ̀ tó là sí méjì. Àrá ti sán pa apá kan, apá kejì ṣì ń so. Abẹ́ apá tó ń so ni wọ́n gbẹ́ ilẹ̀ sí. Ilẹ̀ náà rọ̀, kò bá wọn jà. Wọ́n kọ orí rẹ̀ sí ọ̀nà ilé ìyá rẹ̀."

Ká ní nínú ìwé ló ti ṣẹlẹ̀, àwo ọbẹ̀ ì bá já bọ́. Kò já bọ́. Àṣìkẹ́ gbé e síwájú Gideon, ó ní kó rọra, pé ó gbóná. Ó padà sí ilé ìdáná, ó di férémù ilẹ̀kùn mú. Ó ń gbọ́ Bàbá Cornelius tó ń bi Olúdayọ̀ pé, "Ṣé òótọ́ lèyí, àbí o hun ún ni?" Olúdayọ̀ sì fèsì bí àwọn òǹkọ̀wé ti máa ń fèsì. Ó ní, "Ìtàn kì í purọ́, sà."

Ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò tíì mọ́ tán tí Àṣìkẹ́ ti wà lẹ́yìn ọ̀kadà. Ní Ìdógò, ó bi obìnrin kan tó ń sá láfún léèrè ojú irin àtijọ́. Ó rìn lórí ebè náà títí ìrì fi rẹ etí ìró rẹ̀. Ó sì rí i. Igi àgbálùmọ̀ tó là sí méjì, apá kan gbẹ dúdú, apá kejì tutù yọ̀yọ̀. Gbogbo rẹ̀ pé bí wọ́n ti kà á.

Kò tètè jókòó. Ojú ń tì í, bí ẹni tó pẹ́ dé ibi tí wọ́n ti ń retí rẹ̀. "Dàmọ́lá," ó ní, "èmi rèé. Má bínú, wọn ò sọ fún mi." Ó wá na ẹsẹ̀ méjèèjì sílẹ̀, ó sì sun ẹkún tí wọn kò jẹ́ kó sun lọ́jọ́ náà lọ́hùn-ún, ó sun ún délẹ̀. Nígbà tó dìde, ara rẹ̀ fúyẹ́. Ó ti pẹ́ tí ara rẹ̀ ti fúyẹ́ bẹ́ẹ̀ gbẹ̀yìn.

Láti ìgbà náà, kò sí Sátidé kan tí kì í lọ. Ó ro abẹ́ igi náà mọ́ tónítóní, ó gbin pẹ̀rẹ̀gún yí i ká. Á jókòó síbẹ̀, á máa ro ẹjọ́ ìlú fún ọmọ rẹ̀: pé Akínladé ti fẹ́ ìyàwó kejì, pé baba ńlá Bàbá Cornelius ti sún díẹ̀ kúrò lójú ọ̀nà Kétu. Níbẹ̀rẹ̀, ó ń retí ikú tí Ọ̀ṣunníyì sọ. Kò kú. Ó tilẹ̀ sanra díẹ̀. Nígbà tó yá, ó ra rédíò kékeré kan, ó gbé e sórí fíríìjì, ó sì tan án ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ẹtì kan. Orin jáde nínú rẹ̀, jẹ́jẹ́.

Gideon gbójú sókè. "Màmá, ẹ jọ̀wọ́, ìran kejì eré mi ni mo wà yìí o."

"Kí ìran kejì náà fara dà á," Àṣìkẹ́ dá a lóhùn. Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín, ó ya òun fúnra rẹ̀ lẹ́nu pé òun ló pa wọ́n lẹ́rìn-ín.

Olúdayọ̀ ló tú gbogbo rẹ̀ ká, kò sì mọ̀. Ó wá lọ́sàn-án ọjọ́ kan tí òjò ń ṣú, òun nìkan. Ó ní Fadékẹ́mi fẹ́ ka ìtàn òun lórí rédíò, ṣùgbọ́n òun ní àfi kí òun kọ́kọ́ tọrọ àyè lọ́wọ́ Màmá, torí ọ̀rọ̀ Dàmọ́lá ni, àwọn méjèèjì kò sì tíì jọ dárúkọ rẹ̀ láti gbogbo ọdún yìí wá.

Àṣìkẹ́ kò jẹ́ kó parí rẹ̀. Ó kúnlẹ̀. Obìnrin tó ju ìyá Olúdayọ̀ lọ lọ́jọ́ orí kúnlẹ̀ fún un lórí sìmẹ́ńtì. Ọmọkùnrin náà ta gìrì, ó dọ̀bálẹ̀, àwọn méjèèjì wá wà nílẹ̀ bí ẹni tó ń wá owó ẹyọ tó já bọ́.

"Ẹ dìde, Màmá! Èèwọ̀ ni!"

"Jẹ́ kí n dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ," Àṣìkẹ́ ní. "Ọ̀ṣunníyì kọ̀, ìwọ ò kọ̀. O fi ọgbọ́n sọ ọ́ nínú ìtàn kí n lè gbọ́. Mo ti débẹ̀, ọmọ mi. Gbogbo Sátidé ni mò ń débẹ̀. Mo ti ro ó, mo ti gbin pẹ̀rẹ̀gún yí i ká. Mo ti ń bá a sọ̀rọ̀."

Ó rí i bí ojú Olúdayọ̀ ṣe yí padà. Kó tó la ẹnu, Àṣìkẹ́ ti mọ̀ pé ohun tó fẹ́ sọ kò dára.

"Màmá," ó ní, "wọn ò jẹ́ kí n dé ibẹ̀."

"Ibo?"

"Ibi tí wọ́n sin ín sí. Ẹkún mi pọ̀ jù. Bàbá Ọ̀ṣunníyì ní ẹni tó ń sunkún báyìí ò lè di ṣọ́bìrì mú, á kó ẹkún ran àwọn tó kù. Wọ́n sọ̀ mí kalẹ̀ lójú títì. Mo jókòó síbẹ̀ títí wọ́n fi padà, kò sì sí ẹni tó sọ fún mi. Igi yẹn, oko ìyá àgbà mi ló wà. Ibẹ̀ lèmi àti Dàmọ́lá ti máa ń ṣa àgbálùmọ̀ bí ilé ìwé bá ti gba ìsinmi. Èmi náà ò mọ ibi tó wà, Màmá. Ó ń dùn mí pé n kò mọ̀ ọ́n. Mo ṣáà wá ibi tó dáa, mo fi í síbẹ̀."

Òjò bẹ̀rẹ̀. Àṣìkẹ́ rọra dìde, ó gbọn ìró rẹ̀. Ilẹ̀ lásán ni òun ń ro. Gbòǹgbò igi ni òun ń ro ẹjọ́ ìlú fún. Ọmọ òun wà níbòmíràn, ní abẹ́ igbó kan tí ẹnikẹ́ni kò dé, láìsí ẹni tó kí i rí. Wọ́n ti sọ fún un nígbà kan pé Dàmọ́lá ti kú, ó sì rò pé kò sí ohun tó lè dun òun tó bẹ́ẹ̀ mọ́ láyé. Èyí dùn ún tó bẹ́ẹ̀.

"Máa lọ," ó sọ fún Olúdayọ̀. Kò pariwo mọ́ ọn. "Ṣáà máa lọ."

Lọ́jọ́ Ẹtì yẹn, àwọn òǹkọ̀wé bá ilẹ̀kùn ní títì. Wọ́n kànkùn títí, wọ́n bá sọdá sí ọ̀dọ̀ Akínladé. Bàbá Cornelius gbìyànjú láti kàwé lábẹ́ sípíkà, ó dá a dúró lójú ìwé kìn-ín-ní, olúkúlùkù bá gba ilé rẹ̀ lọ. Àṣìkẹ́ wà nínú yàrá, ó ń gbọ́ ariwo náà. Kò lọ sí Ìdógò ní Sátidé, kò sì lọ ní Sátidé tó tẹ̀lé e. Ó bínú sí Ọ̀ṣunníyì nínú sàréè rẹ̀, ó bínú sí Olúdayọ̀, ó bínú sí gbogbo ẹni tó ní ẹnu dídùn. Bí ìbínú náà ti wá rọlẹ̀, ọ̀rọ̀ tó kù sí i lọ́kàn ni pé igbó á ti bo pẹ̀rẹ̀gún náà báyìí. Ó gbìyànjú kó má rò ó, kò ṣeé ṣe. Nígbà tí oorun bá fẹ́ gbé e lọ, ọ̀nà Ìdógò ni ọkàn rẹ̀ ń gbà. Kò mọ ọ̀nà mìíràn tó lè gbà bá ọmọ rẹ̀.

Olúdayọ̀ ń wá ní gbogbo àkókò yìí. Á jókòó sábẹ́ igi máńgòrò níta, kò ní kànkùn, á lọ bó bá rẹ̀ ẹ́. Ní òwúrọ̀ Sátidé kan, ó ń bọ̀ báyìí, ó rí i tí ilẹ̀kùn ṣí. Àṣìkẹ́ jáde, ó wé gèlè, ọkọ́ méjì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ojú rẹ̀ wú. Olúdayọ̀ dọ̀bálẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀bẹ̀, Àṣìkẹ́ sì dá ọ̀rọ̀ náà mọ́ ọn lẹ́nu.

"Gbogbo àwọn tó sin ín, kò sí ọ̀kan tó lè mú mi débẹ̀," ó ní. "Ìwọ nìkan ló sin ín síbi tí ẹsẹ̀ mi lè dé. Dìde. Ìwọ lo fi í síbẹ̀, wá bá mi ro ó."

Olúdayọ̀ dìde, ó gba ọkọ́ kan lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n sì jọ jáde sójú títì lọ dúró de ọ̀kadà.